Bí ẹ ṣe lè sọ ìtàn Jataka f'ọ́mọ láì gé orí àti ìdí ẹ̀ sọnù

Ó ṣeé ṣe kẹ́ ẹ ti gbọ́ ìtàn ọ̀bọ tó gun ẹ̀yìn ọ̀nì pé kó gbé òun sọdá odò. Wọ́n dé àárín omi ni ọ̀nì bá bẹ̀rẹ̀ sí í rì í sómi, ó jẹ́wọ́ fún un pé ọkàn ọ̀bọ ló ń wu ìyàwó òun jẹ, ni ọ̀bọ bá ní ṣé torí ẹ̀ náà nìyẹn, àwa ọ̀bọ kì í gbé ọkàn kiri o, tó bá wà nínú wa tá a fi ń fò látorí igi dórí igi ṣé kò ní fọ́ ni, wò ó níbi tó so rọ̀ sí lórí igi ọ̀pọ̀tọ́ lọ́hùn-ún yẹn, gbé mi débẹ̀. Ọ̀nì sì gbé e débẹ̀.

Ìtàn Jataka nìyẹn, ọ̀kan nínú àwọn ìtàn ìsìn Buddha nípa àwọn ayé tí Buddha ti gbé kọjá, nọ́ńbà 208 nínú ìwé wọn. Ṣùgbọ́n ibi tí ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ kọ́ ló ti bẹ̀rẹ̀, ibi tí wọ́n sì ń parí ẹ̀ sí kọ́ ló parí sí. Nínú ìwé, wọ́n kọ́kọ́ wá sọ fún Buddha (olùkọ́ ilẹ̀ Íńdíà tó dá ìsìn yẹn sílẹ̀) pé Devadatta, ìbátan ẹ̀, tún ti ń wá ọ̀nà tó máa gbà pa á, Buddha wá ní kì í ṣe òní ló ti ń wá a, ó ti wá a rí, kò sì rí mi pa. Ìgbà yẹn ló tó wá sọ ti ọ̀bọ àti ọ̀nì. Nígbà tó sọ ọ́ tán ó ní: ọ̀nì yẹn, Devadatta ni, ìyàwó ọ̀nì, Cinca ni (ìyẹn obìnrin tó di igi mọ́ ikùn sábẹ́ aṣọ, tó ní Buddha ló fún òun lóyún), ọ̀bọ, èmi ni.

Orí ìtàn àti ìdí ìtàn nìyẹn, àwọn méjèèjì ni wọ́n sì máa ń gé dànù nínú ìwé ọmọdé, tí wọ́n á wá fi "ẹ̀kọ́ inú ìtàn yìí" rọ́pò ẹ̀. Èmi náà ti gé e rí. Mo sọ ìtàn ìjàpá tó fi ẹnu di igi mú fún àwọn ọmọ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, mo sọ ti ẹranko nìkan, wọ́n rẹ́rìn-ín, àgbà nínú wọn tó jẹ́ ọmọ ọdún méje ní "òmíì!" kó tó di pé mo mí. Mo sọ òmíì. Nígbà tó dàárọ̀ kò sí ìkankan tí wọ́n rántí. Ó dùn mí, torí mo mọ̀ pé ìtàn yẹn lágbára ju bẹ́ẹ̀ lọ, mo sì mọ̀ pé èmi ni mo yọ eegun ẹ̀yìn ẹ̀.

Kẹ́ ẹ tó sọ ọ́, ẹ mọ ohun tó wà lọ́wọ́ yín

Jataka ni ìtàn àwọn ayé tí Buddha ti gbé kọjá kó tó wá di Buddha. Orúkọ tí wọ́n ń pè é nínú àwọn ayé yẹn ni Bodhisatta, ìyẹn ẹni tó ṣì wà lójú ọ̀nà. Èyí tó wà ní Pali, èdè àtijọ́ ilẹ̀ Íńdíà, jẹ́ 547, ṣùgbọ́n ní Sri Lanka àti Bọ́mà (Bọ́mà táwọn bàbá wa lọ jagun nígbà Hitler náà ni o) 550 ni wọ́n máa ń pè é lẹ́nu. Ẹsẹ orin inú ẹ̀ ni Ìwé Mímọ́ wọn gan-an, òun ló pẹ́ jù. Ìtàn tí wọ́n fi yí ẹsẹ yẹn ká, Sri Lanka ni wọ́n ti kó o jọ sínú ìwé ní nǹkan bíi 1,500 ọdún sẹ́yìn. Bí ẹsẹ ṣe pọ̀ sí ni wọ́n fi tò ó, ìsọ̀rí 22: àwọn tó ní ẹsẹ kan ṣoṣo ló wà níwájú, èyí tó gùn jù ló wà lẹ́yìn pátápátá, ìyẹn ti Vessantara, nọ́ńbà 547. Torí náà tẹ́ ẹ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, iwájú ìwé ni kẹ́ ẹ ti mú, àwọn ibẹ̀ kúrú.

Kì í ṣe gbogbo ẹ̀ ni ìtàn ẹranko o. Bodhisatta lè jẹ́ ọba, oníṣòwò, ẹ̀mí inú igi, àní nínú òmíì olórí olè ni. Ní ti ẹranko náà, kì í ṣe òun ló máa ń jẹ́ ẹranko tó gbọ́n níbẹ̀ ní gbogbo ìgbà. Ẹ má kàn rò pé ẹni tó borí ni Buddha, ẹ ka ìdí ìtàn kẹ́ ẹ tó pe orúkọ.

Tẹ́ ẹ bá ṣí i, ẹ máa rí i pé nǹkan márùn-ún ló so pọ̀. Èmi ń pè wọ́n ní ìtàn òní (ohun tó ṣẹlẹ̀ láyé Buddha tó fi ní láti sọ̀rọ̀), ìtàn àná (ti ẹranko yẹn), ẹsẹ, àlàyé ẹsẹ, àti àsopọ̀ níbi tó ti ń sọ pé lágbájá ọjọ́ yẹn ni tàmẹ̀dò òní. Àlàyé ẹsẹ, ẹ fò ó, àwọn tó ń kọ́ Pali ló wà fún, kò sí ọmọ tó máa jókòó tì í. Àwọn mẹ́rin yòókù, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fò ó.

Ẹni tó bá ti jókòó níwájú babaláwo rí máa tètè mọ bó ṣe ń ṣiṣẹ́. O gbé ọ̀rọ̀ tòní wá, wọ́n á sọ ti ẹni àná tí wọ́n dá Ifá fún, ó lè jẹ́ èèyàn, ó lè jẹ́ ẹranko tàbí igi, ọ̀rọ̀ á wá yí padà sórí ìwọ tó o jókòó. Jataka náà ṣe bẹ́ẹ̀, ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé Ifá ń sọ pé ọ̀rọ̀ tìẹ jọ ti ẹni yẹn, Jataka ń sọ pé ìwọ gan-an ni ẹni yẹn. Ọ̀rọ̀ ńlá ni. Tẹ́ ẹ bá gé àsopọ̀ kúrò ẹ ti pàdánù ẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká jọ sọ ọ̀kan

Ẹ mú nọ́ńbà 37, ìtàn àparò, ọ̀bọ àti erin. Òun ni mo fẹ́ràn jù láti fi kọ́ ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń sọ ọ́, torí kò gùn, kò sẹ́ni tó kú níbẹ̀, ọmọ Yorùbá kì í sì í béèrè ìdí tí wọ́n fi ń bọ̀wọ̀ f'ágbà.

Ìtàn òní ni kẹ́ ẹ fi bẹ̀rẹ̀, ẹ má sáré. Buddha àtàwọn ọmọ ẹ̀yìn ẹ̀ ń rìnrìn àjò lọ sí ìlú Savatthi. Àwọn ọ̀dọ́ kan nínú àwọn mọ́ńkì (ìyẹn àwọn ọmọ ẹ̀yìn tó fi ayé sílẹ̀ torí ìsìn, kì í ṣe ọ̀bọ o) sáré lọ ṣíwájú, wọ́n gba gbogbo yàrá tó wà níbi tí wọ́n máa sùn, wọ́n ní ti ọ̀gá wa nìyí, tiwa nìyí. Kí Sariputta tó débẹ̀ kò sí àyè mọ́, bẹ́ẹ̀ Sariputta ni àgbà nínú wọn, ọ̀kan nínú ọmọ ẹ̀yìn méjì tó sún mọ́ Buddha jù. Kò bá ẹnikẹ́ni jà, ó lọ sábẹ́ igi, ibẹ̀ ló wà di àárọ̀, ó ń rìn lọ rìn bọ̀, ó ń jókòó. Ilẹ̀ ń mọ́ bọ̀ ni Buddha jáde síta, ó húkọ́. Sariputta náà húkọ́ látabẹ́ igi. Buddha ní ta nìyẹn? Ó ní èmi Sariputta ni.

Ikọ́ yẹn, ẹ má fi sílẹ̀. Ẹ hú u, ẹ dákẹ́ díẹ̀, kẹ́ ẹ wá hú èkejì kó rọlẹ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ. Ọmọ tó bá ní bàbá àgbà nílé mọ irú ikọ́ tí àgbàlagbà máa ń hú kó tó yọ sí èèyàn, ojú ẹsẹ̀ lá á ti mọ̀ pé àgbà méjì ló wà nínú òkùnkùn yẹn, ọ̀kan sì sun ìta mọ́jú. Níbi tí mo ti ń sọ ọ́ ibẹ̀ ni ilé ti máa ń pa lọ́lọ́.

Lẹ́yìn náà Buddha pe gbogbo wọn jọ, ó bi wọ́n pé ta ló yẹ kó gba ìjókòó tó dáa jù, omi tó dáa jù, oúnjẹ tó dáa jù? Àwọn kan ní ẹni tó jẹ́ ọmọ ọba kó tó di mọ́ńkì ni, àwọn kan ní ẹni tó mọ òfin, àwọn kan ní ẹni tó mọ ìwàásù ṣe. (Ẹ bi ọmọ níbí yìí: ìwọ ńkọ́, ta lo rò pé ó yẹ? Ẹ jẹ́ kó sọ tiẹ̀.) Buddha ní kò sí ìkankan níbẹ̀. Ló bá bẹ̀rẹ̀ ìtàn àná.

Igi ńlá kan wà ní ẹ̀gbẹ́ òkè Himalaya, mọ̀lẹ́bí ọdán tiwa níbí ni, gbòǹgbò máa ń rọ̀ sílẹ̀ látorí ẹ̀. Ọ̀rẹ́ mẹ́ta ló ń gbé ìdí ẹ̀, àparò, ọ̀bọ àti erin, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó ń bọ̀wọ̀ fún ẹnì kejì torí wọn ò mọ ẹni tó ṣe àgbà. Wọ́n ní ẹ jẹ́ ká wádìí ẹ̀. Wọ́n bi erin pé nígbà tó o kọ́kọ́ mọ igi yìí báwo ló ṣe tó? Erin ní nígbà tí mo wà lọ́mọdé, mo máa ń rìn kọjá lórí ẹ̀ ni, tí mo bá dúró kí n fi í sáàárín ẹsẹ̀, ṣóńṣó orí ẹ̀ máa ń kan ìdodo mi. Wọ́n bi ọ̀bọ. Ọ̀bọ ní èmi ní tèmi, ilẹ̀ ni mo máa ń jókòó sí, mo kàn máa na ọrùn ni mo máa fi já ọ̀mùnú orí ẹ̀ jẹ. Ó ku àparò. Àparò ní igi ńlá kan wà ní ibi báyìí báyìí nígbà kan, mo jẹ èso ẹ̀, mo wá síbí, mo yàgbẹ́, inú ẹ̀ ni igi yìí ti hù.

Ẹ jẹ́ kí ọmọ rẹ́rìn-ín ibẹ̀ tẹ́rùn, ó tọ́ sí i. Ṣùgbọ́n ẹ fi ọdán hàn án lọ́jọ́ kejì tó bá wà ládùúgbò yín, èyí tó hù sórí ọ̀pẹ tàbí lára ògiri ilé àtijọ́, kẹ́ ẹ sọ fún un pé kò sẹ́ni tó gbìn ín síbẹ̀, ẹyẹ ló yà á. Á mọ̀ pé àparò ò purọ́. Ẹ̀yin náà ẹ mọ òwe pé àparò kan ò ga jùkan lọ àfi èyí tó bá gun orí ebè, ó máa ń dùn mọ́ mi tí mo bá dé ibi tí erin àti ọ̀bọ ti ń kí àparò, tí àparò kékeré yẹn wá ń gbà wọ́n nímọ̀ràn. Àwọn ará Tibet àti Bhutan máa ń yà á sára ògiri: erin nísàlẹ̀, ọ̀bọ lórí ẹ̀, ehoro lórí ọ̀bọ (ehoro wà nínú tiwọn), ẹyẹ lókè pátápátá. Ẹ wá fọ́tò ẹ̀ sórí fóònù, ẹ fi han ọmọ.

Ó wá ku ẹsẹ. Ẹsẹ ìtàn yìí kan ṣoṣo ni, báyìí ni mo ṣe ń sọ ọ́:

Ẹni bá ń bọ̀wọ̀ f'ágbà, tó mọ̀nà òtítọ́,
ayé á yìn ín, ibi tó ń lọ á sì dáa.

Àwọn àlọ́ tiwa ló kọ́ mi ní ohun tí mo fi ẹsẹ ṣe. Mi ò kì í kà á bí ẹni ń ka ìwé, mo máa ń fi ohùn sí i, mo pe ìlà àkọ́kọ́, àwọn ọmọ á gbe ìlà kejì, ẹ̀ẹ̀mẹta. Kò ṣòro. Ẹ ṣáà tẹ̀ lé ohùn tó wà nínú ọ̀rọ̀ yẹn fúnra ẹ̀, ẹ má fi ohùn orin ṣọ́ọ̀ṣì kankan bò ó, ó máa ń yí ìtumọ̀ padà.

Lẹ́yìn ẹsẹ ni àsopọ̀, gbólóhùn kan péré: erin ọjọ́ yẹn ni Moggallana (ẹnì kejì Sariputta nínú ọmọ ẹ̀yìn méjì tó sún mọ́ Buddha jù), ọ̀bọ ni Sariputta, àparò, èmi ni. Ẹ wò ó dáadáa. Sariputta tó sùn síta lánàá, òun ni ọ̀bọ tó ti ń kí àgbà láti ayé kan tó ti kọjá. Ẹ má ṣàlàyé ẹ̀ f'ọ́mọ. Ẹ pe orúkọ yẹn pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, kẹ́ ẹ dákẹ́.

Nípa orúkọ, ìlú àti ẹranko

Ìlú ẹ̀ ni kẹ́ ẹ fi í sí. Gbólóhùn tí ọ̀pọ̀ nínú wọn fi ń bẹ̀rẹ̀ ni pé "nígbà kan, nígbà tí Brahmadatta ń jọba ní Benares", bó ṣe ń bọ̀ léraléra yẹn gan-an ló ń dùn létí ọmọ, bíi "àlọ́ o" tiwa. Benares ni ìlú tí wọ́n ń pè ní Varanasi báyìí, etí odò Ganges, ó ṣì wà níbẹ̀. Ẹ má gbé e wá sí Ìbàdàn. Tó bá jẹ́ ẹranko tá ò ní orúkọ tó délẹ̀ fún, ẹ sọ ohun tó ń ṣe, "ẹran omi kan tó máa ń pẹja jẹ", ó tán.

Ìjàpá nìkan ni kẹ́ ẹ ṣọ́ra fún. Ọmọ tó bá ti gbọ́ orúkọ yẹn á ti máa retí ọkọ Yánníbo, ẹlẹ́tàn, ọ̀kánjúwà. Èyí tó wà nínú nọ́ńbà 215 kì í ṣe ẹlẹ́tàn rárá, ẹnu ni kò lè pa mọ́. Mo máa ń sọ tẹ́lẹ̀ pé ìjàpá ilẹ̀ Íńdíà lèyí o, kì í ṣe èyí tẹ́ ẹ mọ̀.

Ọ̀rọ̀ àtúnwá náà ńkọ́? Àwa náà ní Babátúndé àti Yétúndé, torí ẹ̀ ó máa ń yá wa lẹ́nu láti sọ pé ohun kan náà ni. Kì í ṣe ohun kan náà. Tiwa, inú ẹbí ni èèyàn ń padà sí, ìyá àgbà á yà lọ́dọ̀ ọmọ ẹ̀. Tiwọn, ìwà tí èèyàn hù ló ń gbé e lọ síbi tó kàn, ó lè jẹ́ àgbọ̀nrín lónìí kó jẹ́ ọba lọ́la ní ìlú tí kò sẹ́bí ẹ̀ kankan, Bodhisatta sì ń kó ìwà rere mẹ́wàá jọ láti ayé dé ayé, ọrẹ ṣíṣe, sùúrù, òtítọ́ àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ, títí tó fi di Buddha tí kò sì ní wá mọ́. Tọ́mọ bá bi yín, ẹ sọ fún un pé ohun táwọn onísìn Buddha gbà gbọ́ nìyẹn. Bẹ́ ẹ bá jẹ́ onígbàgbọ́ tàbí Mùsùlùmí ẹ lè sọ tiyín náà, kò sí ìjà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ má tún tiwọn ṣe kó lè jọ tiyín.

Àwọn tó wúwo

Nọ́ńbà 316, ti ehoro. Gbogbo ẹranko ló rí nǹkan fi tọrẹ f'álejò, koríko nìkan ni ehoro ní, èèyàn kì í sì í jẹ koríko, ló bá ní kí àlejò dáná, òun á fi ara òun ta á lọ́rẹ. Kó tó bẹ́ sínú iná ó gbọnra ẹ̀ ẹ̀ẹ̀mẹta, kí kòkòrò tó wà nínú irun ẹ̀ lè bọ́ sílẹ̀, kí wọ́n má bàa kú. Mi ò tíì sọ ibẹ̀ rí kó má ṣe mí bákan. Iná ò jó o, ó tutù bíi yìnyín, torí Sakka ọba àwọn òrìṣà ló gbé ìrísí àlejò wọ̀ wá dán an wò, ó wá fún òkè bí ẹni ń fún ọsàn, ó fi oje ẹ̀ ya àwòrán ehoro sójú òṣùpá. Fún ọmọ tí kò tíì pé ọdún mẹ́fà, ẹ yára dé ibi tí iná ti tutù, ẹ má dúró lórí bíbẹ́ sínú iná, ọmọdé lè fẹ́ ṣe é wò. Tí òṣùpá bá ti lé, ẹ mú un jáde kó lọ wo ehoro yẹn.

Ti Vessantara ní tèmi, ẹ má sọ ọ́ fún ọmọ kékeré. Ọmọ ọba tó fi gbogbo nǹkan tọrẹ ni, títí kan àwọn ọmọ ẹ̀ méjèèjì. Ní Tháílàndì wọ́n máa ń ka gbogbo ẹ̀ tán lọ́jọ́ kan ṣoṣo ní tẹ́ńpìlì, apá 13, ẹsẹ 1,000, wọ́n sì gbà pé èrè wà fún ẹni tó bá jókòó gbọ́ ọ tán. Wọ́n ti dàgbà sínú ẹ̀ ni. Ọmọ tiyín á kàn bi yín bóyá ẹ lè fi òun tọrẹ ni.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ èyí tó fúyẹ́, nọ́ńbà 322: èso kan já lu imọ̀ ọ̀pẹ gbì, ehoro tó sùn sábẹ́ ẹ̀ ní ayé ti ń fọ́, ó ki eré mọ́lẹ̀, gbogbo ẹranko igbó tẹ̀ lé e láìbi í léèrè ohun tó rí, títí kìnnìún fi dá wọn dúró tó ní ká padà lọ wo ibẹ̀. Mo máa ń sọ èyí fún àgbà náà, pàápàá àwọn tó ń fi gbogbo ohun tí wọ́n bá rí lórí WhatsApp ránṣẹ́.

Ìwé ńkọ́? Èyí tí E. B. Cowell bójú tó ní Gẹ̀ẹ́sì, ìdìpọ̀ 6, láàárín 1895 sí 1907, ó ti pẹ́ débi pé ọ̀fẹ́ lẹ máa rí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Gẹ̀ẹ́sì ẹ̀ le díẹ̀. Ẹ kà á lẹ́ẹ̀mejì, ẹ pa á dé, kẹ́ ẹ wá fi Yorùbá sọ ọ́ láti inú yín, ẹ má mú un dání nígbà tẹ́ ẹ bá ń sọ ọ́. Fún àwòrán, ẹ wá àwọn òkúta Bharhut tó wà ní mùsíọ́ọ̀mù Kolkata, ó lé ní 2,000 ọdún, wọ́n sì gbẹ́ orúkọ ìtàn sára ọ̀pọ̀ nínú wọn, àwọn ihò Ajanta tí wọ́n ya àwòrán sí ní Íńdíà, àti tẹ́ńpìlì Borobudur ní Java.

Mo padà lọ sọ ti ìjàpá yẹn f'áwọn ọmọ ẹ̀gbọ́n mi. Lọ́tẹ̀ yìí mo bẹ̀rẹ̀ láti orí: mọ́ńkì kan wà tó ń jẹ́ Kokalika, ẹnu ẹ̀ ló ba tiẹ̀ jẹ́. Nígbà kan, nígbà tí Brahmadatta ń jọba ní Benares, ọba yìí ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ráyè sọ̀rọ̀, olùdámọ̀ràn ẹ̀ sì ń wá bó ṣe máa bá a wí. Ẹyẹ omi méjì wá di igi mú lọ́tùn-ún lósì, ìjàpá fi ẹnu di àárín ẹ̀ mú, wọ́n sì gbé e fò, àwọn ọmọdé ìsàlẹ̀ pariwo, ó la ẹnu láti bú wọn, ó já lulẹ̀ ní àgbàlá ọba, ó là sí méjì. Ọba ní kí ló pa á? Olùdámọ̀ràn ní ẹnu ẹ̀ ni.

Ọmọ ọdún méje yẹn dá mi dúró, ó ní, "Àǹtí, ṣé ọba mọ̀ pé òun ni wọ́n ń bá wí?"

Mo ní ó mọ̀. Ó bi bàbá olùdámọ̀ràn yẹn pé ṣé èmi lò ń bá wí ni? Bàbá ní kábíyèsí, ì báà ṣe ẹ̀yin, ì báà ṣe ẹlòmíì, ẹni tó bá sọ̀rọ̀ kọjá àlà, báyìí ló máa ń rí. Mo wá pe orúkọ wọn: ìjàpá ni Kokalika, ẹyẹ méjèèjì ni àwọn àgbà mọ́ńkì méjì, ọba ni Ananda (mọ́ńkì tó ń tọ́jú Buddha), olùdámọ̀ràn, èmi ni.

Kò ní "òmíì" lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ó ní kí n tún pe orúkọ wọn lẹ́ẹ̀kan sí i.